Ẹjọ́ Matthew Oyèwọlé àti Ọ̀nà Àkúrẹ́

Gbàn-ùn, gbàn-ùn, gbàn-ùn. Ìró ríìmù mọ́tò àtijọ́ nìyẹn, èyí tí wọ́n fi okùn so kọ́ ara igi kaṣú níwájú Kóòtù Ìlànà Ayé ní Ìṣẹ́-Èkìtì. Bí akọ̀wé kóòtù bá ti fi irin lù ú láàárọ̀, gbogbo ohun tó ń ṣe ségesège nínú ìlú á ta gìrì. Èéfín tó ti ń wọ́ nílẹ̀ lẹ́yìn ilé ìdáná á gbéra, á kọrí sókè. Òjìji tó ti ṣáájú ẹni tó ni ín dé ọjà á dúró dè é. Omi tó ń rò ó lọ́kàn bóyá kí òun gun òkè wò á rántí ara rẹ̀, á máa ṣàn lọ sí ìsàlẹ̀. Àwọn tó gbé Ìṣẹ́ nígbà náà kò lè gbàgbé ìró yẹn, ibi yòówù kí wọ́n wà lónìí. Ó máa ń fi ènìyàn lọ́kàn balẹ̀ pé ayé ní òfin, òfin sì ní ẹni tó ń ṣọ́ ọ.

Láyé ìgbà náà, kò sí ẹni tó rò pé nǹkan kàn ń ṣe bó ṣe ń ṣe fúnra rẹ̀. Òfin ló ní kí iná máa jóni, kí òkò tí a sọ sókè máa bọ̀ wá sílẹ̀, kí ọ̀sán máa ṣáájú alẹ́. Bí ọ̀kan nínú wọn bá yẹ̀, kóòtù là ń gbé e lọ, bí a ṣe ń gbé ẹjọ́ ààlà oko lọ sí ti ìbílẹ̀. Nígbà tí ìjọba gé Èkìtì kúrò lára Oǹdó ní oṣù kẹwàá ọdún 1996, bí wọ́n ṣe pín mọ́tò, àga àti fáìlì náà ni wọ́n ṣe pín òfin ayé. Oǹdó kó tirẹ̀, Èkìtì kó tirẹ̀, wọ́n sì gbé kóòtù tuntun kalẹ̀ ní Ìṣẹ́.

Ìyá Adájọ́ Adébímpé ló jókòó síbẹ̀. Ọ̀gá ilé-ìwé ni wọ́n kí wọ́n tó fẹ̀yìn tì. Wọ́n máa ń jẹ orógbó nídìí ẹjọ́, wọn kì í pariwo, wọn kì í sì í sọ ọ̀rọ̀ kan lẹ́ẹ̀mejì. Àgbẹ̀ kan wá bá wọn lọ́jọ́ kan, ó ní uṣu òun ń ta sókè dípò kó ta wọlẹ̀.

"Màmá, uṣu mi ti fẹ́ ga jù mí lọ."

"Ta ló ni ilẹ̀ tó o gbìn ín sí?"

"Ẹ̀gbọ́n ìyá mi ni."

"Ṣé o sọ fún wọn kó o tó kọ ebè?"

"Mo rò pé wọ́n á rí i ni."

"Lọ sọ fún wọn."

Ẹjọ́ parí. Kí oṣù tó pé, uṣu ti yíjú padà sí ilẹ̀. Bí àwọn ẹjọ́ ibẹ̀ ṣe máa ń rí nìyẹn, ṣókí ni. Ṣùgbọ́n ẹjọ́ kan wà tó mú kí kóòtù kún títí dé ojú fèrèsé, tí àwọn oníkòkó fi oko sílẹ̀, tí àwọn olùkọ́ sì fi kíláàsì sílẹ̀ fún ọmọ tó gbọ́n jù lọ. Ẹjọ́ Matthew Oyèwọlé ni.

Ọmọ Ìṣẹ́ ni Matthew. Àkúrẹ́ ló ti ń ṣiṣẹ́ ìjọba kí wọ́n tó pín ìpínlẹ̀, ní ẹ̀ka tí wọ́n ti ń wọn ọ̀nà. Òun gan-an wà lára àwọn tó wọn ọ̀nà tó ti Ìkẹ́rẹ́ lọ sí Àkúrẹ́. Ó mọ ibi tí ọ̀nà náà ti yí, ó mọ ibi tó ti rọra sọ̀ kalẹ̀, bí ẹni mọ ara ọmọ rẹ̀. Ọkùnrin tó dá ara rẹ̀ lójú ni. Tó bá ń rìn bọ̀, a ó ti mọ̀ pé ẹni tó mọ ibi tó ń lọ ló ń bọ̀ yẹn.

Ìyàwó rẹ̀, Motúnráyọ̀, ọmọ Àkúrẹ́ ni, nọ́ọ̀sì ni. Nígbà tí ìpínlẹ̀ pín, ìjọba Oǹdó ní kó dúró, ìjọba Èkìtì ní kí ọkọ rẹ̀ máa bọ̀. Oyún wà nínú obìnrin náà nígbà yẹn. Wọ́n ti jọ sọ ọ́ pé kí Matthew lọ wá ilé sílẹ̀, kó máa wá sí Àkúrẹ́ ní òpin ọ̀sẹ̀, kó wà níbẹ̀ tí wọ́n bá bímọ, kó fi ẹnu ara rẹ̀ sọ ọmọ lórúkọ. Àkọ́bí ni. Ọ̀pọ̀ ọdún ni wọ́n fi wá a.

Lọ́jọ́ tí lọ́rì ìjọba wá kó àwọn ọmọ Èkìtì, ayọ̀ pọ̀ débi pé àwọn tí kì í kí ara wọn ní ọ́fíìsì ń dì mọ́ra wọn. Wọ́n ń kọrin, wọ́n ń ju ẹní àti ìkòkò sókè. Motúnráyọ̀ ti lọ síbi iṣẹ́ láti àárọ̀. Matthew gun orí ẹrù, ó jókòó bí ọba, ó ń pariwo mọ́ àwọn tó kù pé kí wọ́n ṣe kíá. Ó mọ̀ pé ìyàwó òun mọ̀ pé òun ń lọ. Redíò ti sọ ọ́. Gbogbo ayé ló mọ̀.

Ní Sátidé tó tẹ̀ lé e, ó wọ mọ́tò láti padà lọ kí i. Mọ́tò gba Emùré, ó gba Ìkẹ́rẹ́, ó kọjá àwọn àpáta ńláńlá wọ̀nyẹn, ó kọrí sí Ìjù. Ìrókò kan wà lápá ọ̀tún tó ní ẹ̀ka kan tó ti kú. Wọ́n kọjá lára rẹ̀. Lẹ́yìn náà wọ́n tún kọjá lára rẹ̀. Nígbà tí wọ́n kọjá lára rẹ̀ lẹ́ẹ̀kẹta, dírẹ́bà dúró, ó sọ̀ kalẹ̀, ó wo iwájú, ó wo ẹ̀yìn. Àwọn èrò bẹ̀rẹ̀ sí í kùn. Ilẹ̀ ń ṣú lọ, Ìjù ò yọ. Bí wọ́n ṣe yí mọ́tò padà báyìí, kí wọ́n tó ṣẹ́jú, Ìkẹ́rẹ́ ti dé.

Bẹ́ẹ̀ ló rí nínú mọ́tò kejì. Bẹ́ẹ̀ ló rí lórí ọ̀kadà. Nígbà tó fi ẹsẹ̀ rìn ín, ọ̀nà náà nà bí rọ́bà. Kò pẹ́ tí gbogbo gáréèjì Ìkẹ́rẹ́ fi mọ̀ pé mọ́tò tí Matthew bá wọ̀ kò ní débi tó ń lọ. Tí wọ́n bá rí i tó ń bọ̀ pẹ̀lú báàgì rẹ̀, wọ́n á ti ilẹ̀kùn.

Victor, dírẹ́bà kan tó ń ná Àkúrẹ́ lójoojúmọ́, ló fi ọ̀wọ̀ bá a sọ ọ́. "Bọ̀dá Matthew, ẹ má bínú. Epo ni mo rí rà, mi ò rí ibi tí wọ́n ti ń ta ọ̀nà."

"Victor, èmi ni mo wọn ọ̀nà yẹn."

"Mo mọ̀ sà. Àfàìmọ̀ kó má jẹ́ pé ó ń bínú pé ẹ fi okùn nà án."

Victor kan náà ló ń gbé ọ̀rọ̀ Motúnráyọ̀ bọ̀ láti Àkúrẹ́. Ara obìnrin náà le, inú ló ń bí i. Ó ní òun ò ní í gbé oyún gun mọ́tò wá sí Ìṣẹ́, torí òun kọ́ ló jáde nílé. "Ẹ bá mi sọ fún un," ó wí, "pé ilé ṣì wà níbi tó fi í sí."

Gbogbo ẹni tó gbọ́ ọ̀rọ̀ yìí ló mọ ohun tó ń sọ. Matthew náà mọ̀ ọ́n. Òfin Ìdágbére wà, ọmọdé mọ̀ ọ́n: ẹni tó bá fi ilé sílẹ̀ láì dágbére, ọ̀nà àbọ̀ kò ní gbà á. Ṣùgbọ́n ó gbà lọ́kàn rẹ̀ pé òfin yẹn kò bá òun wí, ó sì gbà pé ìjọba ló jẹ̀bi. Ó pe ìjọba lẹ́jọ́. Kò gba lọ́yà.

"Kí ni lọ́yà fẹ́ sọ," ó bi àwọn tó ń gbà á nímọ̀ràn, "nípa ọ̀nà tí mo fi ọwọ́ ara mi wọ̀n?"

Ní ọjọ́ ẹjọ́, ó wọ aṣọ tó fi gbé ìyàwó. Lọ́yà ìjọba, Daniel Ọlọ́runtọ́ba, ọ̀dọ́mọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ kan tí bàtà rẹ̀ ń dán ju ojú rẹ̀ lọ, jókòó sí òdìkejì. Matthew dìde kí wọ́n tó pe orúkọ rẹ̀ tán.

"Ìyá Adájọ́, ẹjọ́ mi kò gùn bí ọ̀nà tó fà á. Ọ̀nà kò gbọdọ̀ kúrú fún Victor kó gùn fún Matthew. Ìjọba wa tuntun ló gba òfin ọwọ́ Oǹdó, òun ló yẹ kó mú un ṣẹ. Ó ṣeé ṣe kó jẹ́ pé nígbà tí wọ́n ń kó ẹrù, òfin ọ̀nà Àkúrẹ́ ti orí lọ́rì já bọ́. Kí wọ́n lọ wá a nínú igbó."

Àwọn èèyàn rẹ́rìn-ín. Ìyá Adájọ́ kò rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n wọ́n dẹ́kun orógbó jíjẹ.

Daniel dìde. "Bí òfin bá já bọ́, gbogbo èrò orí lọ́rì ọjọ́ náà ni ọ̀nà ì bá kọ̀ fún. Mo fẹ́ pe Akínlabí."

Akínlabí àti Matthew jọ ń ṣiṣẹ́ ní Àkúrẹ́ ni, wọ́n sì jọ gun lọ́rì kan náà. Èèyàn kúkúrú ni, tí kì í kánjú sí ohunkóhun. Ó wọ inú àpótí ẹlẹ́rìí, ó kọ́kọ́ kí Ìyá Adájọ́, ó kí akọ̀wé, ó kí Daniel, ó kí àwọn tó wà lójú fèrèsé. Daniel dúró títí ó fi parí.

"Ṣé o máa ń lọ sí Àkúrẹ́?"

"Gbogbo Sátidé, sà. Mo ṣì ń kó ẹrù mi bọ̀ díẹ̀díẹ̀."

"Báwo ni ọ̀nà ṣe ń rí fún ọ?"

"Mo máa ń sùn lọ. Tí mo bá jí, mo ti débẹ̀."

"Lọ́jọ́ tí ẹ kúrò, ta lo dágbére fún?"

"Bàbá onílé. Ìyàwó wọn. Àwọn tá a jọ ń gbé ilé. Ẹni tó ń rán bàtà lójú pópó. Ewúrẹ́ bàbá onílé."

Ìyá Adájọ́ gbójú sókè. "Ewúrẹ́ kẹ̀?"

"Ẹnu ọ̀nà ló dúró sí, Màmá. Kò yẹ kí n kàn fò ó kọjá."

Ẹ̀rín gba kóòtù kan. Matthew dìde láàárín rẹ̀. "Akínlabí, ewúrẹ́ ọ̀hún dá ọ lóhùn?"

"Ó ké mẹ̀ẹ́. Ó sàn ju ohun tí ìwọ gbọ́ lẹ́nu ẹnikẹ́ni lọ́jọ́ náà lọ."

Àwọn tó wà lẹ́yìn ń fọwọ́ lu ara wọn. Matthew dúró gbọnyin. Ó jẹ́ kí wọ́n rẹ́rìn-ín tẹ́rùn. Kò sí ìbẹ̀rù kankan lójú rẹ̀, torí ibi tó ti ń retí pé kí ọ̀rọ̀ dé ló dé yìí.

"Màmá, mo mọ Òfin Ìdágbére. Ìyá mi ló fi kọ́ mi kí n tó mọ ABD. Ẹ jẹ́ ká wò ó bó ṣe wà. Ẹni tó bá fi ilé sílẹ̀ ni òfin bá wí. Ẹni tó ń lọ sí àjò ló ń dágbére fún ilé. Èmi kò lọ sí àjò. Ulé ni mò ń bọ̀. Ta ló ń dágbére fún àjò? Àjò kì í dùn kí onílé má re ulé. Gbogbo wa tí a wà nínú lọ́rì yẹn, ṣé àwa la fi ilé sílẹ̀ ni, àbí àwa la padà sílé? Bí òfin bá ní kí ọmọ Èkìtì tọrọ àyè lọ́wọ́ ilẹ̀ onílẹ̀ kó tó lè wá sí ulé baba rẹ̀, kí ni a gba ìpínlẹ̀ fún?"

Kóòtù gbà á. Àwọn àgbàlagbà mi orí. Obìnrin kan tó gbé kòkó wá tà ní ọjà, tó sì yà wọlé láti wòran, ní "Ọmọ wa ni" sókè ketekete. Ohun tó wà lọ́kàn gbogbo wọn ló sọ. Láàárín àwọn tó jókòó síbẹ̀, ọ̀pọ̀ ló ti Àkúrẹ́ dé lọ́dún náà pẹ̀lú orin lẹ́nu, tí wọn kò wẹ̀yìn wò. Daniel ká ìwé ọwọ́ rẹ̀, ó jókòó.

Ìyá Adájọ́ Adébímpé yọ awò ojú wọn. Wọ́n fi etí aṣọ nù ún.

"Matthew."

"Màmá."

"Tí òjò bá ká ọ mọ́ ọ̀nà ní Àkúrẹ́, ibo lo máa ń sá lọ?"

"Yàrá mi ni."

"Tó o bá kanlẹ̀kùn, ta ló ń dáhùn?"

"Ìyàwó mi ni."

"Lọ́jọ́ tí lọ́rì gbé ọ dé Ìṣẹ́, tó o kan ilẹ̀kùn ilé baba rẹ, ta ló dáhùn?"

 Baba Matthew ti kú, ìyá rẹ̀ ti kú, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ wà lókè òkun. Gbogbo Ìṣẹ́ ló mọ ilé náà, tí koríko ti gba ẹnu ọ̀nà rẹ̀.

"Kò sẹ́ni tó dáhùn, Màmá. Mo já àgádágodo ni."

 Obìnrin oníkòkó gbé ojú kúrò lára rẹ̀.

"Òfin kò mọ ògiri," Ìyá Adájọ́ wí. "Kò mọ ilẹ̀ baba ẹni, kò mọ ìpínlẹ̀. Ẹnu tó ń dáhùn tí a bá kanlẹ̀kùn, òun ni òfin ń pè ní ilé. Ìwọ ní ọ̀kan, Àkúrẹ́ ló wà, o sì jáde níbẹ̀ láì sọ fún un. Ìjọba kò jẹ̀bi. Ọ̀nà kò jẹ̀bi. Lọ dágbére."

"Ó ti pẹ́ tí mo ti lọ, Màmá."

"Ìyẹn ló fi yẹ kó o yára."

Wọ́n wá là á sílẹ̀ fún un. Ẹni tí ọ̀nà gbà ni kó rán. Ohun tí ì bá sọ láàárọ̀ ọjọ́ yẹn gan-an ni kó sọ, bí ẹni tí kò tíì kúrò nílé. Kò gbọdọ̀ ro ẹjọ́ níbẹ̀, kò gbọdọ̀ bẹ̀bẹ̀.

"Tó o bá fi ẹ̀bẹ̀ kún un, ẹ̀bẹ̀ lo rán nìyẹn," wọ́n wí. "Ìdágbére ni òfin béèrè. Ẹ̀bẹ̀, tó o bá débẹ̀, kó o fi ojúkojú bẹ̀ ẹ́."

Kì í ṣe ẹni tí ẹjọ́ ń bá lọ sílé ni Matthew. Bó ṣe jáde ní kóòtù, gáréèjì Ìkẹ́rẹ́ ló gbà lọ tààrà. Victor ṣẹ̀ṣẹ̀ ti Àkúrẹ́ dé ni, ó ń fi omi bọ́jú lẹ́gbẹ̀ẹ́ mọ́tò rẹ̀. Nígbà tó rí Matthew, ó nu ọwọ́, ó sì dọ̀bálẹ̀.

"Ẹ kú oríire, sà. Ìyàwó yín ti bí. Àná ni. Obìnrin ni. Wọ́n ní ó jọ yín, pàápàá tó bá ń bínú."

Matthew di ara mọ́tò mú. "Ṣé ó béèrè orúkọ tí mo fẹ́?"

"Rárá o, sà. Mo bi wọ́n, wọ́n ní kò sẹ́ni tó ń ti ọ̀nà jíjìn sọ ọmọ lórúkọ. Wọ́n ní tí ọjọ́ kẹjọ bá pé, tí ẹ ò bá sí níbẹ̀, àwọn á fún un lórúkọ tó bá ti wá sí àwọn lẹ́nu."

"Ó sọ bẹ́ẹ̀?"

"Wọ́n tiẹ̀ ti dárúkọ kan. Ẹ ò ní fẹ́ràn rẹ̀."

Matthew jókòó sórí táyà. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í to ọ̀rọ̀, bó ṣe ń to ìwé ọ́fíìsì. Ó ní kí Victor sọ pé nítorí bí nǹkan ṣe rí lọ́jọ́ náà, àti nítorí pé lọ́rì ń kánjú, àti pé níwọ̀n ìgbà tí redíò ti kéde rẹ̀…

"Bọ̀dá," Victor dá a dúró, "kí n tó dé ìdí ọ̀rọ̀ yìí, mo ti gbàgbé orí rẹ̀. Ṣé wọn ò ní kẹ́ ẹ má ro ẹjọ́ ni?"

Ó tún un tò. Ó fi òwe bẹ̀rẹ̀.

"Ìyẹn ti di ìwàásù, sà."

 Ohun kan ń yọ Matthew lẹ́nu, ó sì mọ̀ ọ́n. Lọ́rì kò kánjú lọ́jọ́ náà. Lọ́rì dúró. Ó dúró pẹ́ nígbà tí Akínlabí ń ti ojúlé kan bọ́ sí òmíràn, tí òun Matthew wà lórí ẹrù tó ń pariwo mọ́ ọn. Ọsibítù tí Motúnráyọ̀ wà kò ju ẹ̀yìn ọ́fíìsì wọn lọ. Ẹsẹ̀ lásán ni. Ì bá lọ, ì bá bọ̀, kí Akínlabí tó dé ọ̀dọ̀ ewúrẹ́. Òun kò lọ, torí ó dá òun lójú pé kò sí ohun tó lè di ọ̀nà yẹn mọ́ òun. Gbogbo ọgbọ́n tó fi rojọ́, ohun tó fi bo èyí mọ́lẹ̀ ni. Nísinsìnyí tí kò sí ohun tí yóò fi bò ó mọ́, ó yà á lẹ́nu pé ara òun fúyẹ́.

Ó dìde. Ó fi ojú inú wo yàrá náà ní Àkúrẹ́ láàárọ̀ ọjọ́ yẹn, bí Motúnráyọ̀ ṣe ń dé fìlà nọ́ọ̀sì rẹ̀ níwájú dígí, tí ikùn rẹ̀ kò jẹ́ kó sún mọ́ ọn tó. Ó rí i pé kò sí ohun tó ṣòro nínú ohun tó yẹ kóun sọ. Ọkùnrin tó mọ ibi tó ń lọ ni, ó sì tún ti mọ̀ ọ́n.

"Victor, tan mọ́tò. Èrò mélòó ló kù?"

"Ẹyọ kan, sà."

"Má dúró dè é. Èmi á san àyè rẹ̀. Tó o bá débẹ̀, kanlẹ̀kùn, kó o jẹ́ kó dáhùn, kó o tó sọ̀rọ̀. Má fi nǹkan kan kún un, má yọ nǹkan kan níbẹ̀. Mọ́tò tó bá tẹ̀ lé tìrẹ lọ́la, èmi ni mo máa jókòó síwájú rẹ̀. Sọ fún un pé mo ní:

'Motúnráyọ̀, mo fẹ́ máa lọ sí Ìṣẹ́ o. Wọ́n ti gbé ẹrù mi sókè. Tó o bá ti ibi iṣẹ́ dé, má ru omi, jẹ́ kí wọ́n bá ọ rù ú. Mò ń bọ̀.'"